Àga Ta Ni Ó Wà Nínú Kàtídírà?

Inú èdè Gíríìkì ni gbòǹgbò ọ̀rọ̀ náà kàtídírà ti wá, àga ni ó sì túmọ̀ sí. Ṣọ́ọ̀ṣì tí àga bíṣọ́ọ̀bù bá wà nínú rẹ̀ ni kàtídírà, ìbáà jẹ́ ilé alámọ̀; èyí tí kò bá ní àga náà kì í ṣe kàtídírà, bí òrùlé rẹ̀ tilẹ̀ kan sánmà. Bí Ìjọ Àgùdà ṣe gbà á nìyí, bẹ́ẹ̀ náà ni Ìjọ Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì. Mo fi èyí ṣáájú nítorí pé gíga àti fífẹ̀ ni ọ̀pọ̀ nínú wa fi ń wọn ilé Ọlọ́run. A kì í bèèrè ẹni tí ó ni àga inú rẹ̀.

Ìlú Port Harcourt dára fún àgbéyẹ̀wò yìí, nítorí irú ilé méjèèjì ni ó wà níbẹ̀. Ní ọdún 1961 ni Póòpù gé dáyósíìsì Port Harcourt kúrò lára ti Owerri, tí Godfrey Okoye sì di bíṣọ́ọ̀bù rẹ̀ àkọ́kọ́. Ṣọ́ọ̀ṣì Corpus Christi, èyíinì ni Ara Kristi, ní àdúgbò D-Line ni àga bíṣọ́ọ̀bù náà wà. Ṣùgbọ́n ìlú yìí kan náà ni Ecumenical Centre wà, ilé ìjọsìn ńlá tí a ní gbogbo ìjọ ni ó ni ín, níbi tí ìjọba ìpínlẹ̀ Rivers ti ń ṣe ìsìn ìdúpẹ́. Kò sí bíṣọ́ọ̀bù kan tí ó ni ilé yìí. Àga tí ojú gbogbo ènìyàn ń lọ sí níbẹ̀ ni ti gómìnà. Ní ọdún 2019, Gómìnà Nyesom Wike sọ ní gbangba pé ìpínlẹ̀ Kristẹni ni Rivers. Bẹ́ẹ̀, abala 10 nínú ìwé òfin Nàìjíríà ti ọdún 1999 kà á léèwọ̀ fún ìjọba àpapọ̀ tàbí ti ìpínlẹ̀ láti sọ ẹ̀sìn kan di ẹ̀sìn ìjọba. Kí ni kí Mùsùlùmí tí ó ń ṣòwò ní Port Harcourt, tí ó sì ń san owó orí rẹ̀ níbẹ̀, wá pe ara rẹ̀?

Ẹni tí ó bá fẹ́ rí ibi tí irú ọ̀nà yìí ń já sí, kí ó wo Yamoussoukro ní ilẹ̀ Ivory Coast. Ìlú Ààrẹ Félix Houphouët-Boigny ni. Ó kọ́ basílíkà kan síbẹ̀ láàrin ọdún 1985 sí 1989 ní orúkọ Màríà, Ìyá Àlàáfíà. Pierre Fakhoury ni ó ya àwòrán ilé náà. Mítà 158 ni gíga rẹ̀ dé orí àgbélébùú, ó sì ga ju ti Peter Mímọ́ ní Róòmù lọ. N kò ní purọ́, iṣẹ́ ọnà gíláàsì aláràbarà inú rẹ̀ rẹwà. Ṣùgbọ́n nínú ọ̀kan lára àwọn gíláàsì náà, àwòrán Ààrẹ fúnra rẹ̀ ni ó wà lẹ́bàá Jésù. Bí ẹnì kan bá ní àwọn agbẹ́gilére wa náà ń ya ọba sí ara iṣẹ́ wọn, òótọ́ ni. Ọlọ́wẹ̀ ará Ìsẹ̀ gbẹ́ Ògògà sí ara ilẹ̀kùn ààfin Ìkẹ́rẹ́, kò sì sí àléébù nínú rẹ̀, nítorí pé ààfin Ògògà ni. Ilé ta ni ti Yamoussoukro?

Póòpù John Paul Kejì ya ilé náà sí mímọ́ ní ọjọ́ 10 oṣù kẹsàn-án ọdún 1990, lẹ́yìn tí ó ti ní kí wọ́n kọ́ ilé ìwòsàn sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ó lé ní ogún ọdún kí ilé ìwòsàn náà tó ṣí ilẹ̀kùn fún aláìsàn. Èyí tí ó yà mí lẹ́nu jù ni pé kò sí àga bíṣọ́ọ̀bù nínú basílíkà yìí rárá: ṣọ́ọ̀ṣì Augustine Mímọ́, tí ó kéré sí i jìnnà, ni kàtídírà ìlú náà.

Ti Gánà kò tilẹ̀ dé orí òrùlé. Ààrẹ Nana Akufo-Addo ní òun jẹ́ ẹ̀jẹ́ fún Ọlọ́run pé bí òun bá wọlé ìbò ọdún 2016, òun yóò kọ́ kàtídírà orílẹ̀-èdè. David Adjaye ya àwòrán rẹ̀. Wọ́n wó ilé àwọn adájọ́ láti rí ilẹ̀. Wọ́n fi ìpìlẹ̀ lélẹ̀ ní ọdún 2020. Nǹkan bí mílíọ̀nù 58 dọ́là ni ó wọlẹ̀ kí iṣẹ́ tó dúró, ìjọba John Mahama sì tú ọ́fíìsì tí ń bójú tó o ká ní ọdún 2025. Wọ́n ní gbogbo ìjọ ni yóò jọ ni ín. Àjọjẹ kò dùn bí ẹnì kan kò ní. Ní Bucharest, níbi tí ìjọba Romania ti fi owó ńlá sí kàtídírà àwọn Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì tí wọ́n ya pẹpẹ rẹ̀ sí mímọ́ ní ọdún 2018, èmi kò fara mọ́ owó ìlú náà, ṣùgbọ́n ó kéré tán, a mọ̀ pé pátíríákì ni ó ni ilé.

Ní Èkó, kí páàdì kankan tó fìdí kalẹ̀, ẹrú àtijọ́ kan tí a ń pè ní Pa Antonio ni ó ń kó àwọn Àgùdà tí ó ti Brazil dé jọ fún àdúrà. Nígbà tí wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì Holy Cross tí ó parí ní ọdún 1881, àwọn Àgùdà fúnra wọn, Lázaro Borges da Silva àti Francisco Nobre, ni ọ̀gá oníṣẹ́. Èyí tí ó dúró níbẹ̀ lónìí, ti àwọn ọdún 1930 ni, ó sì fara wé ti Yúróòpù. Lójú tèmi, ti àkọ́kọ́ ni ó jẹ́ tiwa jù.

Ọ̀nà kan náà ni Páàdì Kevin Carroll tọ̀ ní Ọyẹ́-Èkìtì láti ọdún 1947, nígbà tí ó kó àwọn oníṣẹ́ ọnà Yorùbá jọ láti ṣe iṣẹ́ fún ṣọ́ọ̀ṣì. George Bándélé, ọmọ Àreògún, wà níbẹ̀. Lámídì Fákẹ́yẹ ará Ìlá Ọ̀ràngún náà wà níbẹ̀, Mùsùlùmí sì ni. Síbẹ̀, òun ni ó gbẹ́ ọ̀pọ̀ ilẹ̀kùn tí àwọn Àgùdà ń gbà wọlé lọ gbàdúrà. Iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ ni wọ́n ní kí ó mú wá, wọn kò ní kí ó wá di Kristẹni.

Ní Ìbàdàn ní àwọn ọdún 1970, Demas Nwoko, tí iṣẹ́ ọnà ni ó kọ́ ní Zaria, tí kì í ṣe ilé yíyà, kọ́ ilé àdúrà fún àwọn páàdì Dominican. Ní ọdún 2023 ni wọ́n fi Kìnnìún Wúrà dá a lọ́lá ní Venice fún iṣẹ́ ayé rẹ̀. Ilé náà kò ga púpọ̀. Òpó gbígbẹ́ ni ó wà nínú rẹ̀, kò sì sí àwòrán olóṣèlú kankan lára wọn. Ní Sámọ́ńdà ni ó wà, ẹni tí ó bá ń kọjá lè yà wò ó.