Músítádì Eléso

Ọ̀pọ̀ músítádì eléso tó wà lórí àtẹ nílùú Lọ́ńdọ̀n, jáàmù ni mo ń pè é. Ṣúgà ti bo èso mọ́lẹ̀, imú ẹni kò sì ní mọ̀ pé ẹnu jẹ nǹkan. Èyí tí mo ń fọwọ́ ara mi ṣe kì í ṣe bẹ́ẹ̀.

Inú Bíbélì ni ọ̀pọ̀ wa ti mọ wóró músítádì, pé ó kéré. Wọn kò sọ fún wa pé kì í ta fúnra rẹ̀. Ẹ gbé e mì láìrún, ẹ ò ní mọ nǹkan kan. Èròjà kan tó ń jẹ́ sinigrin wà nínú wóró tó dúdú, ẹ́ńsáìmù kan sì tún wà níbẹ̀, wọn kò sì fojú kanra. Àfi tí a bá fọ́ wóró náà, tí omi kàn án, ni wọ́n tó pàdé, bí ìṣáná ṣe ń pàdé ara páálí rẹ̀. Títa dé nìyẹn. Kò sì jọ ti ata rodo tó ń jókòó sórí ahọ́n: imú lèyí ń gbà gòkè, ó kọjá, ó tán.

Wóró tó dúdú tàbí tó pọ́n rúsúrúsú ló ń ta jù. Ti funfun rọra ń ta ní tirẹ̀, mo sì máa ń dà á pọ̀ mọ́ dúdú kí ó lè tù ú lójú. Ṣọ́ọ̀bù àwọn ará Íńdíà ni mo ti ń rà wọ́n.

Tí a bá lọ̀ wọ́n tán, omi tútù la fi ń pò ó, torí omi gbígbóná ń pa ẹ́ńsáìmù yẹn. Láàárín bíi ìṣẹ́jú 10, títa rẹ̀ á dé góńgó. Tí a bá wá fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, á bẹ̀rẹ̀ sí í fò lọ. (Ìyẹ̀fun gbígbẹ tí ilé iṣẹ́ Colman ń tà kò ní ìṣòro yìí: ẹni tó rà á ni yóò pò ó nígbà tó bá fẹ́ jẹun.) Ohun kíkan ni kì í jẹ́ kí títa náà fò lọ. Àwọn ará Dijon ní Faransé mọ èyí tipẹ́, oje àjàrà tí kò tíì pọ́n ni wọ́n ń dà sí i láyé àtijọ́.

Ibẹ̀ ni èso ti wúlò fún mi. Kíkan rẹ̀ ni mo ń wá, adùn rẹ̀ jẹ́ èènì. Ọ̀pẹ̀yìnbó tí kò pọ́n jù dára. Máńgòrò tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yí àwọ̀ náà dára. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́, ẹ má wulẹ̀ dán an wò. Mo máa ń se èso náà títí omi rẹ̀ á fi gbẹ díẹ̀, kí n tó jẹ́ kó tutù pátápátá. Ẹ̀yìn náà ni mo ń rò ó mọ́ músítádì tí títa rẹ̀ ti yọ, pẹ̀lú ọtí kíkan, iyọ̀ àti oyin ṣíbí kan. Àwọn èèyàn máa ń béèrè agbálùmọ̀ lọ́wọ́ mi. Kíkan rẹ̀ bá a mu, àmọ́ oje rẹ̀ ń lẹ̀ mọ́ ṣíbí, mo sì fẹ́ràn kí n kàn jẹ ẹ́ bẹ́ẹ̀.

Ẹ má tọ́ ọ wò lọ́jọ́ tí ẹ pò ó, á korò. Ẹ gbé e sínú fíríìjì fún ọjọ́ mélòó kan, kíkorò náà á rọlẹ̀. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀ ni àwọn Òyìnbó sábà ń fi músítádì jẹ. Dùndún gbígbóná lèmi ń fi ti ọ̀pẹ̀yìnbó jẹ, mo ń fi ti máńgòrò pa ara adìẹ kí n tó yan án. Mo máa ń fi èso raspberry ṣe é pẹ̀lú, àmọ́ sàláàdì ni mo fi tirẹ̀ sílẹ̀ fún, torí kò bá iṣu mu rárá.