Ohùn Bella Bellow: Èsì fún Àwọn tó Ń Pè É ní Òjìji

Ọ̀mọ̀wé kan, ẹni tí mo bọ̀wọ̀ fún nínú ohun gbogbo àfi nínú ọ̀rọ̀ orin, ti sọ ọ́ di àṣà láti máa kọ ọ́ pé Bella Bellow, akọrinbìnrin ilẹ̀ Tógò, kò ju òjìji Miriam Makeba, akọrinbìnrin ilẹ̀ South Africa, lọ, àti pé àwọn ará Paris ni wọ́n mọ ohùn rẹ̀ bí amọ̀kòkò ti í mọ ìkòkò. Ǹ bá dákẹ́, bí kò ṣe pé àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́, àti pé irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀, bí ó bá ti wọ ìwé àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́, àtiyọ rẹ̀ a di ogun.

Ẹ jẹ́ kí a to ọdún wò. Ọjọ́ kìn-ín-ní ọdún 1945 ni a bí i ní Tsévié. Ọjọ́ Ajé ni, ìdí sì nìyẹn tí Adjoavi fi wà nínú orúkọ rẹ̀, Georgette Nafiatou Adjoavi Bellow. Baba rẹ̀ wá láti Nàìjíríà, ìyá rẹ̀ láti Gánà. Ilẹ̀ Ewe ni ó sì ti lajú sáyé, láàárín àwọn ènìyàn tí ìtàn wọn sọ pé láti Kétu, ọmọ Alákétu, ni àwọn ti ṣí wá sí Notsé níhìn-ín, kí ọwọ́ líle ọba Agokoli tó lé wọn jáde kúrò nínú odi. Ní 1966, nígbà tí Senghor, ààrẹ Sẹ̀nẹ̀gà, pe gbogbo aláwọ̀ dúdú àgbáyé sí àjọ̀dún iṣẹ́ ọnà ní Dakar, Bella ni ó ṣojú Tógò. Lẹ́yìn èyí ni Gérard Akueson, tí í máa gbé àwo orin jáde, tó mú un lọ sí Paris, tí orin rẹ̀ Rockia jáde, tí Manu Dibango ará Kamẹrúùnù sì bá a ṣiṣẹ́. Ẹni tí ìlú rẹ̀ ti fi ṣe aṣojú lójú ayé, báwo ni a ó ṣe tún sọ pé òkèèrè ni wọ́n ti ṣẹ̀ṣẹ̀ fi ohùn sí i lẹ́nu?

Ṣùgbọ́n ẹ̀rí ọdún kò tó. Etí ni adájọ́ orin. Ẹni tó bá fẹ́ mọ Bella, kí ó fi Rockia, tó yá ẹsẹ̀, sílẹ̀ ná, kí ó gbọ́ Blewu. Orin náà kò sáré rárá. Àwọn ohun èlò rọra ń dún nísàlẹ̀, ohùn wà lókè, kò pariwo, kò fi gígùn èémí ṣe fáàrí; bí ó bá dé ìparí gbólóhùn, a jẹ́ kí ọ̀rọ̀ ìkẹyìn balẹ̀ kí ó tó mú òmíràn, bẹ́ẹ̀ ni olórin mìíràn ì bá bẹ̀rù àlàfo náà, kí ó sì kó ègbè tàbí fèrè dí i. Makeba, tí mo gbà pé òun ni ó la ọ̀nà, a máa bá ìlù ṣeré, a máa fi ìró èdè Xhosa ta ahọ́n, tí ẹni tó ń gbọ́ yóò fi rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Bella fẹ̀sọ̀ mú ìbànújẹ́ títí ó fi di ohun tí ènìyàn lè gbé lọ sílé.

Ní ọjọ́ 11 oṣù kọkànlá ọdún 2018, nígbà tí àwọn olórí orílẹ̀-èdè péjọ sí ibi Arc de Triomphe ní Paris láti rántí ọgọ́rùn-ún ọdún tí Ogun Àgbáyé Kìíní parí, Blewu yìí ni Angélique Kidjo, ọmọ ilẹ̀ Benin, tó ti gbé Senie ti Bella sínú àwo rẹ̀ Logozo ní 1991, kọ láti fi bu ọlá fún àwọn ọmọ ogun Áfíríkà. Mo ti gbọ́ ẹni tó pe orin náà ní orin ìbílẹ̀ kan ṣá, bí ẹni pé kò sí ẹni tó kọ́kọ́ là á lóhùn. Fún àwa ará Notsé níbí, orin náà bá ọ̀ràn mu ju bí àwọn àlejò Paris ti mọ̀ lọ, nítorí ọ̀nà wa ni ogun náà gbà: ní ọjọ́ 22 oṣù kẹjọ ọdún 1914, àwọn ọmọ ogun tí Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé kó wá kọlu ti Jámánì létí odò Chra, láàárín Notsé àti Atakpamé, aláwọ̀ dúdú sì ni ó pọ̀ jù nínú àwọn tó gbé ìbọn ní ìhà méjèèjì. Ọjọ́ mẹ́rin lẹ́yìn rẹ̀ ni Jámánì túúbá ní Tógò. Ohùn Kidjo ga, ó lágbára, n kò bá a jà. Ṣùgbọ́n ó ń ké pe àwọn òkú, ti Bella sì jókòó tì wọ́n.

Àwọn tó tún ń bí mi nínú ni àwọn tí kò ní ohun mìíràn láti sọ ju ikú rẹ̀ lọ: ìjàǹbá ọkọ̀ ní Lilikopé, lójú ọ̀nà tí ó ti Atakpamé lọ sí Lomé, ní ọjọ́ 10 oṣù kejìlá ọdún 1973, nígbà tí ó jẹ́ ẹni ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n. Ó dùn wá dé eegun, àwa tí a ń gba ibẹ̀ kọjá. Ṣùgbọ́n àánú kì í ṣe lámèyítọ́. Ẹkún ni wọ́n ń gbọ́ nínú gbogbo orin rẹ̀, títí kan Denyigba, tí ó kọ nípa ilẹ̀ ìbí. Ọdún méje ni ó wà láàárín Dakar àti Lilikopé. Iṣẹ́ tó ṣe láàárín wọn ni kí wọ́n gbé wá, kí ọ̀mọ̀wé ọ̀rẹ́ mi náà sì mú àwo Makeba tí ó ní lọ́kàn wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ Blewu, kí a jọ gbọ́ méjèèjì.