Ọwọ́ àti Ojú Nínú Lámèyítọ́ Edan Ògbóni

Ìfáàrà

Nínú ohun tí àwọn onímọ̀ ti kọ lórí ẹgbẹ́ awo Ògbóni, tí àwọn Ìjẹ̀bú ń pè ní Òṣùgbó, edan ni ọ̀pọ̀ wọn fi ṣe ẹnu ọ̀nà. Èyí kò yani lẹ́nu. Edan ṣeé gbé, ó ṣeé yà ní fọ́tò, ó sì ti wọ ilé ìṣẹ̀ǹbáyé púpọ̀ nílẹ̀ Yúróòpù àti Amẹ́ríkà. Ṣùgbọ́n ohun tí ó mú kí ó rọrùn láti kọ̀wé lé edan lórí náà ni ó ń ṣi ìtumọ̀ rẹ̀ lọ́nà. Inú àpótí dígí ni òǹkọ̀wé ti ń bá a pàdé, níbi tí ọwọ́ kò ti gbọdọ̀ kàn án. Èrò tí iṣẹ́ yìí gbé kalẹ̀ ni pé lámèyítọ́ edan ti fi ojú ṣe iṣẹ́ tí ó jẹ́ ti ọwọ́, àti pé àṣìlóye nípa ohun tí a ń pè ní awo ti ibẹ̀ wá.

Ohun tí edan jẹ́

Ère méjì, akọ àti abo, ni edan sábà máa ń jẹ́. Idẹ ni a fi dá wọn. Ẹ̀wọ̀n ni ó so orí wọn pọ̀. Irin ṣóńṣó sì yọ nísàlẹ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Kí ère yìí tó fojú hàn, ọwọ́ ti ṣe é tán. Alágbẹ̀dẹ á fi ìda mọ àwòrán náà, á fi amọ̀ bò ó, á fi iná yọ́ ìda náà dànù, á wá da idẹ yíyọ́ sí àyè tí ìda fi sílẹ̀. Nígbà tí ó bá fọ́ amọ̀ náà, ohun tí ó bá níbẹ̀ ni ipa ìka ara rẹ̀ tí ó ti di idẹ.

Ó yẹ kí a ṣàkíyèsí ìtòtẹ̀lé àwọn èròjà wọ̀nyí. Idẹ kì í dípẹtà bí irin, ọwọ́ ọmọ awo sì ni ó wà. Irin ni ó ṣeé gún wọ ilẹ̀. Bí edan bá wà ní ìdúró, kò sí àlàfo láàrin ọwọ́ tí ó dì í mú àti Ilẹ̀ tí ẹgbẹ́ náà ń bọ: ọwọ́ kan idẹ, idẹ kan irin, irin kan ilẹ̀. Fọ́tò kò lè fi èyí hàn, nítorí irin tí ó yẹ kí ó wọnú ilẹ̀ ni fọ́tò máa ń fi hàn gbangba.

Èrò àwọn onímọ̀

Peter Morton-Williams, nínú àpilẹ̀kọ rẹ̀ ti 1960 lórí Ògbóni Ọ̀yọ́, ni ó kọ́kọ́ fún ọwọ́ òsì ní àyè pàtàkì. Ó tún mú ọ̀rọ̀ náà pé Ògbóni méjì, ó di ẹ̀ta, ó sì rí ẹnìkẹta yẹn gẹ́gẹ́ bí àṣírí tí àwọn méjèèjì jọ mọ̀. Òye jíjinlẹ̀ ni èyí. Àbùkù rẹ̀ ni pé àmì ni ọwọ́ òsì jẹ́ fún un, bí ẹni pé lẹ́tà kan ni nínú ìwé tí a ń kà. Bí Ògbóni méjì bá bọ ara wọn lọ́wọ́, ìfọwọ́kàn náà fúnra rẹ̀ tó láti jẹ́ ẹnìkẹta, nítorí kò sí nínú èkíní, kò sí nínú èkejì, àfi ìgbà tí wọ́n bá pàdé.

Denis Williams (1964) tẹ̀ síwájú sí i lórí ìrísí ère, ṣùgbọ́n àkọlé iṣẹ́ rẹ̀ gan-an ti sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ ẹ̀kọ́ àwòrán. Ní 1995, Babátúndé Lawal fi gbólóhùn Yorùbá ṣe àkọlé tirẹ̀, èyí sì dá ọ̀rọ̀ padà sí ẹnu àwọn tí wọ́n ni ín. Ìlọsíwájú gidi ni. Ohun tí ó kù ni kí a bi èdè náà léèrè ohun tí ó ní sọ nípa ọwọ́.

Ẹ̀rí inú èdè

Èdè Yorùbá ti dáhùn tipẹ́. Ẹni tí ó bá ẹlòmíràn dá májẹ̀mú ti *mulẹ̀*: ó ti mu ilẹ̀. Ẹni tí ó bá sì ṣẹ̀ sí májẹ̀mú náà ti *dalẹ̀*. Ọ̀dàlẹ̀ ni, ilẹ̀ tí ó dà sì ni yóò bá lọ. Òótọ́ inú níhìn-ín kì í ṣe ohun ọkàn nìkan. Ohun ẹnu àti erùpẹ̀ ni. Bákan náà, àwọn àgbà ní awo ní í gbáwo nígbọ̀nwọ́, bí awo kò bá gbáwo nígbọ̀nwọ́, awo a tẹ́. Wọn kò ní awo ní í bá awo pa àṣírí mọ́. Ìgbọ̀nwọ́ ni wọ́n dárúkọ, èyí tí í ṣe ibi tí a ti ń di ẹni tí ó fẹ́ ṣubú mú.

Bí èyí bá rí bẹ́ẹ̀, àwọn tí wọ́n ń bú Ògbóni pé ó fi ìwà ibi pamọ́ àti àwọn onímọ̀ tí wọ́n ń gbìyànjú láti tú àṣírí rẹ̀ jọ wà nínú àṣìṣe kan náà. Àwọn méjèèjì gbà pé gbólóhùn kan ni awo, tí ó ṣeé jí gbé. Ṣùgbọ́n ohun tí ó ṣe pàtàkì jù nínú awo kò ṣeé sọ, bí kò ti ṣeé sọ fún ẹni tí kò bọ́ sódò rí bí omi ti tutù tó.

Àtakò

Àtakò méjì ni ó yẹ kí a dáhùn. Èkíní ni pé, bí ọwọ́ nìkan bá mọ awo, lámèyítọ́ kò ní iṣẹ́ kankan mọ́. Èyí kò rí bẹ́ẹ̀: lámèyítọ́ lè sọ ibi tí ìmọ̀ wà láìjẹ́ pé ó gbà á lọ́wọ́ ẹni tí ó ni ín.

Èkejì wúwo jù. Ìfọwọ́kàn kì í fìgbà gbogbo jẹ́ ti ìfẹ́. Morton-Williams fúnra rẹ̀ fi hàn pé ẹ̀ṣẹ̀ sí Ilẹ̀ ni kí á ta ẹ̀jẹ̀ sílẹ̀ níbi ìjà, Ògbóni a sì bu ìtanràn lé ẹni tí ó bá ṣe é. Edan tí ń so ọmọ ìyá pọ̀ náà ni a ń fi ránṣẹ́ pe ẹlẹ́ṣẹ̀. Ẹnikẹ́ni tí ó bá yin ọwọ́ tí kò sì rántí ẹni tí ọwọ́ náà dẹ́rù bà ti fi ẹ̀wà pa òtítọ́ mọ́.

Ìgbìyànjú kan wà láti gba ìrẹ́pọ̀ kí á sì fi ẹ̀rù sílẹ̀. Ní 1914, T. A. J. Ògúnbíyìí, àlùfáà ìjọ Áńgílíkà, dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ ní Èkó fún àwọn Kìrìsìtẹ́nì, èyí tí a wá mọ̀ sí Reformed Ogboni Fraternity. Ìbéèrè tí ẹgbẹ́ àtọwọ́dá yìí gbé dìde kọjá ti ìtàn: bí Ilẹ̀ bá di àfiwé lásán, kí ni a óò máa mu nínú ìmùlẹ̀?

Àgbálọgbábọ̀

Ohun tí a rí kọ́ ni pé èròjà edan kì í ṣe aṣọ tí ìtumọ̀ wọ̀. Idẹ, irin àti ilẹ̀ ni ìtumọ̀ náà bẹ̀rẹ̀ lára wọn. Ẹni tí ó bá tún fẹ́ kọ̀wé lórí edan inú àpótí dígí, kí ó kọ́kọ́ wádìí ẹni tí ó dì í mú kẹ́yìn, àti ilẹ̀ tí a ti fà á tu.