Akinla Kò Tíì Dé Ajégúnlẹ̀

Bí ènìyàn bá dárúkọ Fẹlá ní àdúgbò wa ní Ajégúnlẹ̀, Aníkúlápò ni ọkàn gbogbo ènìyàn ń lọ sí. Fẹlá mìíràn ni mo ń bá ẹ̀yin òǹkàwé sọ níhìn-ín: Fẹlá Ṣówándé, tí a bí ní 1905, tí ó kọ́ dùùrù lọ́dọ̀ Ekúndayọ̀ Phillips ní ìjọ Christ Church ní Màrínà, tí ó sì re Lọ́ńdọ̀nù ní 1934.

Folk Symphony, tí ó kọ fún ayẹyẹ òmìnira wa ní 1960, tí wọ́n sì lù ní Carnegie Hall ní Niu Yọ́ọ̀kì ní 1962, ni àwọn ọ̀mọ̀wé fi ń yìn ín. N kò bá wọn jiyàn. Ṣùgbọ́n èyí tí ó wọ̀ mí lára ni Akinla, ẹ̀yà ìkẹyìn nínú African Suite tí ó kọ ní 1944. Kì í ṣe pé ẹ̀yà márààrún dára bákan náà; lójú tèmi, Nostalgia ń sunkún ju bí ó ti yẹ lọ. Akinla kò sunkún rárá. Orin háíláìfù ìgboro ni tẹ́lẹ̀. Fáólìn ni Ṣówándé fi gbé e, síbẹ̀ ìrìn ẹsẹ̀ rẹ̀ kò yí padà: ìrìn ẹni tí ó ń ti òde ìyàwó bọ̀ ni.

Ní 1953 ó padà wálé láti ṣe olórí ẹ̀ka orin ní ilé iṣẹ́ asọ̀rọ̀mágbèsì. Mo gbà pé iṣẹ́ yìí ga ju gbogbo orin tí ó kọ lọ. Ẹ wò ó ná: ọmọ ìjọ Áńgílíkà, ọ̀gá nínú dùùrù ṣọ́ọ̀ṣì, ni ó lọ jókòó ti àwọn babaláwo, tí ó sì gbé ohùn wọn sórí afẹ́fẹ́. Ó mọ̀ pé ẹni tí ó ń yan ohun tí ìlú yóò gbọ́ ni ó ń kọ́ etí ìlú.

Ní Kánádà, Akinla ni orin ìdánimọ̀ Gilmour's Albums, ètò CBC tí ó wà lórí afẹ́fẹ́ láti 1956 títí di 1997. Nílé wa ńkọ́? Láti kékeré ni a ti ń péjọ sí iwájú ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán ní ọjọ́ kìíní oṣù Ọ̀wàrà, tí a ń wo àwọn ológun tí ń yan. N kò gbọ́ Akinla níbẹ̀ rí. Wọ́n ní orin báyìí kò bá àwọn ará ìgboro mu. Ta ni ó bi wọ́n? Ohun gbogbo ni ó ń gúnlẹ̀ sí Àpápá, ìrẹsì, mọ́tò, aṣọ òkìrìkà. Orin ìgboro tí ó ti Èkó lọ ni kò rí èbúté.

Mo gbé e sí etí bàbá kan ní agboolé wa, tí ó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ èbúté Àpápá. Ó dákẹ́ títí ó fi parí. Ó ní, "Ọmọ mi, òde ta nìyẹn?" Mo ní, "Ti Ṣówándé ni, sà." Ó ní kí n tún un gbé sí i.