Wàrà, Iná àti Ewé Bòmùbọmù

Ẹni tí ó bá fẹ́ mọyì iṣẹ́ tí ẹ́ńsáìmù ń ṣe, kí ó lọ jókòó ti ìyá Fúlàní kan ní gáà, kí ó wò ó bí ó ti ń gbé wàrà tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ fún lára màlúù ka iná wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, tí ó ń gún ewé bòmùbọmù, tí ó sì ń sẹ́ omi rẹ̀ sínú ìkòkò, títí wàrà náà yóò fi dì. Kékeré ni abẹ́rẹ́, kì í ṣe mímì fún adìẹ: nínú ìwọ̀nba omi ewé yẹn ni ẹ́ńsáìmù wà, tí ń gé purotéènì wàrà tí àwọn èyí tí ó gé fi ń so mọ́ ara wọn, bẹ́ẹ̀ ni òun fúnra rẹ̀ kò dín, kò yí padà, a tún bọ́ sórí òmíràn. Ní 1926 ni James Sumner, ará Amẹ́ríkà, ṣẹ̀ṣẹ̀ fi hàn pé purotéènì ni ẹ́ńsáìmù kan tí ó yọ lára ẹ̀wà.

Ohun tí mo yìn jù ni ìmọ̀ iná àwọn ìyá Fúlàní wọ̀nyí. Bí iná bá kéré, iṣẹ́ a falẹ̀. Bí wàrà bá tètè hó, ẹ́ńsáìmù a bàjẹ́, wàrà kò sì ní í dì bí ó ti yẹ. Ìgbà tí ó bá dì tán ni wọ́n tó jẹ́ kí ó hó gidi, kí gígé náà lè dáwọ́ dúró kí ó tó sọ wàrà di kíkorò.