Ohun Tí Òṣìṣẹ́ Rí Tí Ọ̀gá Rẹ̀ Kò Rí: Lámèyítọ́ Lórí Àtúnwò Ìdíje Géèmù

Níbi àpérò kan tí àwa tó ń kọ́ni ní lítíréṣọ̀ àti iṣẹ́ ọnà ṣe lọ́dún tó kọjá, alábàáṣiṣẹ́ mi kan, tí n kò ní dárúkọ nítorí oúnjẹ tí a jọ ń jẹ, ní ohun tí àwọn ọ̀dọ́ ń ṣe tí wọ́n bá jókòó ti kọ̀ǹpútà, tí wọ́n ń wo géèmù tí ẹlòmíràn gbá, kò ju ìwòran lásán lọ. Ó ní bí àwọn àgbà ṣe ń yí ọpọ́n ayò ká lábẹ́ igi náà ni. Kí ni tuntun níbẹ̀? Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún un. Mo nawọ́ sókè láti fèsì, alága ní àkókò ti tán. Ẹni tó fi 40 ìṣẹ́jú ka bébà tí wọ́n ní kó fi 20 kà ló jẹ àkókò náà mọ́ wa lọ́wọ́, alábàáṣiṣẹ́ mi yìí kan náà sì ni. Mo wá gbé èsì mi wá síbí.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ gbé ọpọ́n ayò kúrò lójú ọ̀nà, torí àfiwé tó dùn létí ni, kò sì bọ́ sí i rárá. Ihò 12, ọmọ ayò 48, gbogbo rẹ̀ ló wà ní gbangba. Ohun tí ọ̀ta ń wò ni ọ̀pẹ ń wò, òun náà ni ọmọdé tó fara ti igi ń wò. Bí ọ̀pẹ bá ṣi ayò ta, òǹwòran lẹ́tọ̀ọ́ láti fi ṣe ẹlẹ́yà, nítorí ohun tó yẹ kó rí wà níwájú rẹ̀. StarCraft, géèmù ogun orí kọ̀ǹpútà, kò rí bẹ́ẹ̀. Kùrukùru ló bo gbogbo ilẹ̀. Ibi tí ilé rẹ tàbí ọmọ ogun rẹ bá wà nìkan ni o ti ń ríran. Ọ̀tá ń kọ́lé, o kò mọ iye rẹ̀. Ó ń kó ogun jọ, o kò mọ ibi tí yóò gbà yọ. Ẹni tó bá wá jókòó lẹ́yìn ìdíje tó ń wo ìhà méjèèjì ti mọ ohun tí àwọn tó gbá a kò mọ̀. Bí irú ẹni bẹ́ẹ̀ bá la ẹnu tó ní òmùgọ̀ ni ọmọ yìí, ta ni òmùgọ̀ nínú àwọn méjèèjì?

Ọ̀rọ̀ kejì tó ń bí mi nínú ni "fídíò". Nínú bébà tí mo ń sọ yìí, gbogbo ìgbà ni ríplèè ń di fídíò. Ríplèè kì í ṣe fídíò. Ọdún 1998 ni ilé-iṣẹ́ Blizzard gbé StarCraft jáde. Ọdún 2001 ni wọ́n fi ríplèè kún un, nínú àtúnṣe tí wọ́n pè ní 1.08. Kò sí àwòrán kankan nínú fáìlì náà. Àṣẹ ló wà níbẹ̀: lágbájá tẹ ibi báyìí ní ìgbà báyìí, ó ní kí ọmọ ogun báyìí máa lọ sápá ọ̀hún. Tí o bá ṣí i, ńṣe ni kọ̀ǹpútà rẹ á tún ìdíje náà gbá lójú rẹ láti ìbẹ̀rẹ̀, bí àṣẹ wọ̀nyẹn ṣe tò tẹ̀lé ara wọn. Ìdí nìyẹn tí fáìlì náà fi kéré tó bẹ́ẹ̀, tí ẹni tí íntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀ ń wọ́ bí ìgbín náà fi lè fi ránṣẹ́. Òun náà ló fà á tó fi jẹ́ pé bí ẹ̀dà géèmù bá yí padà, ríplèè àtijọ́ lè ya wèrè: ọmọ ogun á máa rìn síbi tí kò rìn sí rí, ẹni tó borí lọ́jọ́ náà á wá máa pàdánù. Àṣẹ kò yí padà. Ayé tí wọ́n ti pa á ló yí. Fídíò ni àwòrán onídùndún níbi tó ti ń lulù. Ríplèè ni àkọsílẹ̀ ibi tí kọ̀ǹgọ́ ti ba awọ àti ìgbà tó bà á.

Nínú StarCraft II, tó jáde lọ́dún 2010, ríplèè tún ń tọ́jú ibi tí ojú agbágéèmù wà, ìyẹn apá ibi tó ń wò lórí ilẹ̀ ìjà láti ìgbà dé ìgbà. Nígbà tí àfikún rẹ̀, Heart of the Swarm, dé lọ́dún 2013, ènìyàn lè dá ríplèè dúró níbi tó bá wù ú, kí ó gba ìdíje náà lọ́wọ́ ẹni tó gbá a, kí ó sì máa bá a lọ láti ibẹ̀. Ìwé wo ni òǹkàwé ti lè ṣe bẹ́ẹ̀ rí?

Mo mọ àpẹẹrẹ tí wọn yóò fi dá mi lóhùn. Gbogbo ẹni tó bá ti kọ ojú-ìwé mẹ́ta lórí géèmù ló ń fà á yọ. Lọ́dún 2004, níbi ìdíje Evo ní Pomona, ní California, Daigo Umehara ará Japan kojú Justin Wong ará Amẹ́ríkà nínú géèmù ìjà Street Fighter III: 3rd Strike. Ken ni Daigo mú, Chun-Li ni Justin mú. Ẹ̀mí Ken ti kù bí fọ́nrán òwú, débi pé bí ó bá tilẹ̀ gbé apá dínà, kíkú ni yóò kú. Justin tú ìpàá 15 sílẹ̀ léra wọn. Daigo gbọ̀n wọ́n dànù lọ́kọ̀ọ̀kan, ó fò sókè gba èyí tó kẹ́yìn nínú afẹ́fẹ́, ó sọ̀ kalẹ̀, ó lu Chun-Li pa. Ariwo tó sọ nínú gbọ̀ngàn náà ni gbogbo ayé mọ̀ títí dòní. Ben Cureton tó sọ fídíò ìdíje náà ní Moment 37 kàn mú nọ́ńbà náà ni, kí ó lè dà bíi pé 36 mìíràn ti ṣáájú rẹ̀. Àwọn tó ń kọrin rẹ̀ kì í sì í rántí sọ pé Daigo kò gba ife lọ́jọ́ náà. Kenji Obata ló nà án nínú àṣekágbá.

Ìṣe ńlá ni, n kò jiyàn. Ṣùgbọ́n kí ni fídíò yẹn sọ fún wa? Ó sọ ohun tí àwùjọ rí, ó sì jẹ́ kí a gbọ́ ariwo wọn. Ohun tó mú kí iṣẹ́ Daigo jẹ́ iṣẹ́ àrà ni pé ẹni tó bá dúró kí ìpàá àkọ́kọ́ jáde kó tó gbìyànjú láti gbọ̀n ọ́n dànù ti pẹ́. Ó ti ní láti mọ̀, kí Justin tó ṣe é, pé Justin yóò ṣe é. Báwo ló ṣe mọ̀? Ariwo kò lè dáhùn. Àwọn akẹ́gbẹ́ mi fẹ́ràn ariwo.

Ẹni tí mo fẹ́ kí á máa sọ̀rọ̀ rẹ̀ ni Sean Plott, ọmọ Amẹ́ríkà tí wọ́n ń pè ní Day[9]. Òun náà mọ géèmù gbá: ó gba ipò kìn-ín-ní nínú ìdíje Pan-American ti StarCraft lọ́dún 2007. Iṣẹ́ tó yẹ kí a fi rántí rẹ̀ ni Day[9] Daily tó bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2009, níbi tó ti máa ń jókòó síwájú kámẹ́rà, tí á ṣí ríplèè ẹlòmíràn, tí á máa tú u palẹ̀. Bí wọ́n bá tilẹ̀ dárúkọ rẹ̀ nínú ìwé wa, sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ eré ni wọ́n ń pè é. Rárá o. Sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ ni Nick, ẹ̀gbọ́n rẹ̀, tí wọ́n ń pè ní Tasteless, tó lọ sí Korea, tí òun àti Dan Stemkoski tó ń jẹ́ Artosis jọ ń sọ ìdíje StarCraft II tó ń jẹ́ GSL fún àwọn tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ ń sáré bá ìdíje ni. Bí ìjà bá bẹ́ sílẹ̀ níbi méjì lẹ́ẹ̀kan náà, ó gbọ́dọ̀ yan ọ̀kan kí ó fi èkejì sílẹ̀. Sean kò sáré. (N kò sọ pé kò ṣe sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ rí, ó ṣe é. Irú èyí ni àwọn alátakò mi máa ń rọ̀ mọ́.) Ó lè dá ríplèè dúró nígbà tí kò sí ohun kan tó ń ṣẹlẹ̀ lójú tèmi tìrẹ, kó bẹ̀rẹ̀ sí í ka òṣìṣẹ́, kó bèèrè pé kí ló dé tí ẹni yìí kọ́ ilé kejì kó tó kọ́ ibùdó ọmọ ogun. Kí ló rò pé ọ̀tá òun ń ṣe? Ọjọ́ Ajé rẹ̀ nígbà náà ń jẹ́ Funday Monday: á fún àwọn olùwòran ní òfin ẹ̀fẹ̀ kan tí wọn yóò gbá géèmù lábẹ́ rẹ̀, wọn á sì fi ríplèè ránṣẹ́. Ẹ̀rín ni gbogbo wa ń rín, àmọ́ ẹni tí o ti mọ òfin tó há a mọ́, gbogbo ìgbésẹ̀ rẹ̀ ló ń fi èrò rẹ̀ hàn ọ́.

Mo fi ọ̀nà yìí dán ọmọ ẹ̀gbọ́n mi wò. Nínú àwọn ẹ̀yà ogun StarCraft, Terran ni ọmọ yìí ń gbá. Ó wọlé tọ̀ mí wá lálẹ́ ọjọ́ kan, ojú rẹ̀ pọ́n. Ẹnì kan tó gbá Protoss, ẹ̀yà mìíràn, ti nà án kó tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀. Ó ní, "Bọ̀ọ̀dá, wọ́n ká mi mọ́ ni. Kò sí bí mo ṣe lè mọ̀." Mo ní kó ṣí ríplèè. Ìwò tó ń fi ìhà méjèèjì hàn la kọ́kọ́ lò, mo sì gbà pẹ̀lú rẹ̀: Protoss náà ti lọ kọ́ Gateway méjì, ibùdó ọmọ ogun wọn, sí kọ̀rọ̀ kan nítòsí ilé ọmọ wa, nínú kùrukùru. Ta ni yóò lọ wo ibẹ̀? Àánú rẹ̀ ṣe mí.

Mo wá ní kó pa ìwò ọ̀tá, kó ku tirẹ̀ nìkan. Ọmọ yìí ti rán òṣìṣẹ́ kan lọ ṣe amí. Òṣìṣẹ́ náà dé ilé ọ̀tá, ó yí i ká lẹ́ẹ̀kan, ó yí i ká lẹ́ẹ̀kejì. Nexus, olú-ilé Protoss, wà níbẹ̀. Pylon kan, tó ń fún ilé yòókù lágbára, wà níbẹ̀. Gateway kankan kò sí. Protoss tí kò ní Gateway nílé ní irú ìgbà yẹn ti lọ kọ́ ọ síbòmíràn ni. Ẹni tó ti gbá géèmù yìí fún oṣù mẹ́ta mọ̀ bẹ́ẹ̀. Mo wò ó, ó dákẹ́. Mo ní kó tẹ ìwò kẹta, èyí tó ń tẹ̀lé ojú òun fúnra rẹ̀. Ní gbogbo àkókò tí òṣìṣẹ́ fi ń yí ilé onílé ká, ojú ọ̀gá rẹ̀ kò kúrò nílé. Ó ń to ilé, ó ń ṣọ́ owó. Kò yíjú síbẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Òṣìṣẹ́ rí i, ọ̀gá kò rí i, ọmọ ogun Zealot mẹ́rin ló wá kan ilẹ̀kùn. Ọmọ náà ní, "Ẹ jọ̀ọ́, Bọ̀ọ̀dá, ẹ má fi han ẹnikẹ́ni o."

Ìwò mẹ́ta, ìdájọ́ mẹ́ta. Ọgbọ́n àbámọ̀ ni mo rò pé mo ń sá fún, mo rò pé ẹni tó bá rí ohun gbogbo ni yóò máa dá agbágéèmù lẹ́bi. Òdìkejì ló ṣẹlẹ̀ sí mi: nígbà tí mo rí ohun gbogbo ni mo dá a láre, ìgbà tí mo rí díẹ̀ ni mo rí ẹ̀bi rẹ̀. Alábàáṣiṣẹ́ mi àti àwọn tó pàtẹ́wọ́ fún un kò tíì kúrò lórí ìwò àkọ́kọ́.

Mo mọ̀ pé mo ti ń kúrò lórí ọnà bọ́ sórí ẹjọ́. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà ti ń fà mí lọ láti ìbẹ̀rẹ̀. Lọ́dún 2013, ilé-iṣẹ́ Valve dá ohun kan tí wọ́n pè ní Overwatch sílẹ̀ nínú géèmù ìyìnbọn tó ń jẹ́ Counter-Strike: Global Offensive. (Kì í ṣe géèmù Blizzard tó ń jẹ́ orúkọ kan náà, ẹnì kan tó yẹ bébà mi wò nígbà kan kò mọ ìyàtọ̀, ó sì fi gègé pupa fa ìlà sí i.) Àwọn agbágéèmù tó ti pẹ́ nídìí rẹ̀ ni wọ́n máa ń yàn ṣe adájọ́ nígbà náà. Wọ́n á fi abala 8 nínú ìdíje ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn hàn wọ́n. Orúkọ rẹ̀ kò ní hàn. Afurasí lásán ni. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá ara wọn sọ kò ní sí níbẹ̀. Adájọ́ á wá sọ bóyá ẹ̀rí kò tó tàbí ó dájú láìsí iyèméjì: ṣé ẹ̀rọ ló ń bá a yìnbọn, ṣé ẹ̀rọ ló ń bá a ríran kọjá ògiri, àbí ńṣe ló kàn ń ba eré jẹ́ mọ́ àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ́wọ́.

Ìbéèrè kan náà ni, wọ́n kàn yí i sódì ni. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kò rí ohun tó yẹ kó rí. Afurasí, ẹ̀sùn tirẹ̀ ni pé ó rí ohun tí kò yẹ kó rí. Ó dúró lẹ́yìn ògiri, ìbọn rẹ̀ ń tẹ̀lé ẹnì kan tó ń rìn lódìkejì. Onítọ̀hún dúró, ìbọn dúró. Ẹ̀rí nìyẹn, àbí? Ẹ rọra. Ẹsẹ̀ ń dún nínú Counter-Strike, ẹni tó fetí sílẹ̀ lè ṣe bẹ́ẹ̀ láìjalè. Adájọ́ pàápàá ní bọ́tìnì tó lè fi rí gbogbo ènìyàn láti ara ògiri, gẹ́gẹ́ bí olè ṣe ń rí wọn. Bí ó bá tẹ bọ́tìnì yẹn kó tó fetí sílẹ̀, gbogbo ìbọn tó bá yà sọ́tùn-ún díẹ̀ ni yóò máa jọ ẹ̀rí lójú rẹ̀. Adájọ́ tó mọ iṣẹ́ á kọ́kọ́ wo abala náà tán láìtẹ̀ ẹ́.

Ẹ̀rọ pàápàá kò bọ́ lọ́wọ́ ìbéèrè yìí. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2019, ilé-iṣẹ́ DeepMind kéde pé AlphaStar, ẹ̀rọ tí wọ́n kọ́kọ́ fi ríplèè àwọn ènìyàn kọ́, ti na agbágéèmù tó ń jẹ́ TLO 5-0 nínú StarCraft II, ó sì ti na òmíràn tó ń jẹ́ MaNa 5-0. DeepMind fúnra wọn ló ṣàlàyé pé ó ń rí gbogbo ibi tí kùrukùru kò bò lẹ́ẹ̀kan náà, láìyíjú kiri. Òṣìṣẹ́ rẹ̀ àti ọ̀gá, ojú kan náà ni wọ́n ń lò. Nígbà tí ẹ̀dà mìíràn tó gbọ́dọ̀ máa yíjú bí ènìyàn wá kojú MaNa ní gbangba, MaNa nà án.

Ẹ̀bẹ̀ mi kò pọ̀. Fídíò ni a sábà ń kó pamọ́ nítorí ó rọrùn láti ṣí, fídíò yóò sì máa sọ ohun tí sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ rí fún wa títí láé, kò ní sọ ohun tí ẹni tó gbá a rí. Ẹni tó bá ní ríplèè StarCraft àtijọ́ lọ́wọ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pa á rẹ́ nítorí pé kò ṣí dáadáa mọ́. Ẹ wá ẹ̀dà géèmù tí wọ́n fi gbá a, ẹ kó méjèèjì sójú kan. Alábàáṣiṣẹ́ mi náà lè mú tirẹ̀ wá, bí ó bá ti gbá ọ̀kan rí.