Ẹ̀rín Ẹni Tí Ó Ń Fi Iṣẹ́ Sílẹ̀

Àwọn àgbà a máa wí pé bí ọ̀ràn bá ju ẹkún lọ, ẹ̀rín ni à ń fi í rín. Ìgbà ìpọ́njú ni a sábà máa ń pa òwe yìí. Ṣùgbọ́n ìgbà mìíràn wà tí ó yẹ ẹ́ gidigidi, èyí ni ọjọ́ tí ènìyàn bá ń dágbére fún ibi iṣẹ́ tí ó ti lo ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọdún ayé rẹ̀. Ẹni tí ó bá ti jókòó rí níbi àpèjẹ ìfẹ̀yìntì ní ilẹ̀ wa mọ bí ọ̀rọ̀ ìdágbére ti máa ń rí: ọpẹ́ fún Ọlọ́run, ọpẹ́ fún ọ̀gá àgbà, ọpẹ́ fún àwọn alábàáṣiṣẹ́, orúkọ lórí orúkọ, títí oúnjẹ yóò fi tutù. Bí àwàdà bá wà níbẹ̀, ti olùdarí ètò ni, kì í ṣe ti ẹni tí ó ń lọ. A kò bú ọpẹ́. Ohun tí a ń bèèrè ni pé, ǹjẹ́ a lè sọ òtítọ́ nípa iṣẹ́ tí à ń fi sílẹ̀, kí àwọn tí ó kù lẹ́yìn sì lè bá wa rẹ́rìn-ín sí i?

Ẹnì kan wà tí ó gbìyànjú rẹ̀, tí ìwé rẹ̀ sì tó í yẹ̀ wò fínnífínní. Charles Lamb ni, ẹni tí púpọ̀ nínú wa mọ̀ nípa ìwé ìtàn eré Shakespeare tí òun àti Mary, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, kọ fún àwọn ọmọdé ní 1807. Ìwé kíkọ kọ́ ni ó ń bọ́ ọ. Ní oṣù kẹrin ọdún 1792, nígbà tí ó jẹ́ ọmọ ọdún 17, ni ó di akọ̀wé ìṣirò owó ní East India House, ní òpópó Leadenhall ní Lọ́ńdọ̀nù. Kò sì kúrò níbẹ̀ títí di ọjọ́ 29 oṣù kẹta ọdún 1825, lẹ́yìn ọdún 33. Ní oṣù karùn-ún ọdún náà ni àròkọ rẹ̀ tí ó pè ní “The Superannuated Man” jáde nínú ìwé ìròyìn London Magazine. Àwa lè pè é ní “Akọ̀wé Tí Ó Fẹ̀yìn Tì.”

Elia ni orúkọ tí Lamb máa ń fi bojú nínú àwọn àròkọ rẹ̀, ìbòjú yìí sì ṣe pàtàkì. Nínú èyí tí à ń wí yìí, kò dárúkọ ilé iṣẹ́ tí ó ti ṣiṣẹ́ ní tòótọ́. Ó gbé ara rẹ̀ lọ sí ọ̀dọ̀ àwọn oníṣòwò kan ní Mincing Lane, ó fún àwọn ọ̀gá ní orúkọ tí ó ṣe fúnra rẹ̀, ó sì sọ ọdún 33 di 36. (Òṣìṣẹ́ ìjọba Nàìjíríà tí ó mọ̀ pé ọdún 35 tàbí ọmọ 60 ọdún ni òpin iṣẹ́ òun kò ní ṣàì rẹ́rìn-ín nígbà tí ó bá rí i pé àárín méjèèjì ni tirẹ̀ bọ́ sí. Àwọn olùkọ́ nìkan ni òfin 2022 sún ti wọn síwájú.) Nípa báyìí, kò sí ọ̀gá kan tí ó lè dìde wí pé òun ni ó ń bá wí, bẹ́ẹ̀ ni gbogbo akọ̀wé tí ó wà lórí àga lè wí pé ọ̀rọ̀ òun ni.

Ẹ wo bí ó ti sọ ìtàn ìjádelọ rẹ̀. Àárẹ̀ iṣẹ́ ti hàn lójú rẹ̀, ọ̀kan nínú àwọn ọ̀gá sì ti bi í léèrè. Láti ìgbà náà ni ọkàn rẹ̀ kò ti balẹ̀ mọ́. Ó dá a lójú pé lílé ni wọn yóò lé òun. Ní nǹkan bí agogo mẹ́jọ alẹ́ ọjọ́ kan, wọ́n ránṣẹ́ pè é sí yàrá ẹ̀yìn, gbogbo àwọn ọ̀gá sì pé jọ bí ìgbìmọ̀ tí ó fẹ́ dájọ́ ikú. Èyí tí ó dàgbà jù nínú wọn bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀, ó yìn ín títí, ó sì wí pé wọn yóò máa fún un ní ìdá méjì nínú mẹ́ta owó oṣù rẹ̀ títí tí yóò fi kú. Ọkùnrin náà kò mọ ohun tí ó fi dáhùn. Agogo mẹ́jọ kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni ó jáde lọ sílé, ó di gbére. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá yìí ni ibi tí ẹ̀rín wà, ibẹ̀ náà sì ni oró wà: iṣẹ́ ọdún 36, kò gbà ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ láti parí rẹ̀. Lamb kò sọ èyí fún wa. Aago nìkan ni ó wò.

Èdè wa ní ohun tí a lè fi díwọ̀n irú ẹ̀rín yìí. À ń bá ènìyàn ṣe ẹ̀fẹ̀, ṣùgbọ́n à ń fi ènìyàn ṣe yẹ̀yẹ́. Nínú “bá” a jọ wà níbẹ̀ ni. Nínú “fi” ẹnì kan ti di irinṣẹ́. Ẹni àkọ́kọ́ tí Lamb fi rẹ́rìn-ín ni ara rẹ̀, akọ̀wé ojo tí ó gbọ́ ìró oore tí ó sì rò pé ìyà ni. Lẹ́yìn èyí ni ó tó kan àwọn ọ̀gá, pẹ̀lú ọwọ́ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́.

Ẹ fi èyí wé ti William Faulkner, ará Amẹ́ríkà tí ó gba ẹ̀bùn Nobel ti 1949. Kí ó tó lókìkí, òun ni ọ̀gá ilé ìfìwéránṣẹ́ ní yunifásítì Mississippi, wọ́n sì fi ẹ̀sùn kàn án pé kì í bójú tó lẹ́tà àwọn ènìyàn. Nínú ìwé kúkúrú tí ó fi kọ iṣẹ́ náà sílẹ̀ ní 1924, ohun tí ó wí ni pé òun kò ní wà lábẹ́ àṣẹ gbogbo oníjìbìtì tí ó bá ti rí sẹ́ǹtì méjì fi ra sítáǹbù. Ó pani lẹ́rìn-ín, títí di òní ni àwọn ènìyàn sì ń tún un sọ. Ṣùgbọ́n ta ni ẹ̀rín náà bà? Ẹni tí ó wá ra sítáǹbù ni. Lẹ́tà tí kò dé ọwọ́ ẹni tí ó ni ín kò sí nínú àwàdà náà rárá. Yẹ̀yẹ́ nìyẹn, bí ó tilẹ̀ dùn.

Ibi tí ọ̀rọ̀ Lamb ti ga jù lọ ni ìgbà tí ó kọjú sí ilé iṣẹ́ náà tí ó kí i pé ó dìgbóṣe. Ẹni tí ó mọ oríkì kò ní ṣàì rántí bí akígbe wa ti máa ń da ìyìn àti ìbáwí pọ̀ sórí orílẹ̀ kan náà. Ó pe ilé náà ní ilé ọlá. Ó tún pè é ní ilé òkùnkùn tí a ń tan àbẹ́là níbẹ̀ fún ìdajì ọdún. Ó ní òun ni ó bọ́ òun, òun náà ni ó sì ba ara òun jẹ́. Lẹ́yìn èyí ni ó wí pé inú ilé yìí ni àwọn ìwé òun wà, kì í ṣe lọ́dọ̀ òǹtàwé: àwọn ìwé ìṣirò owó ńláńlá tí ó pọ̀ ju gbogbo èyí tí Thomas Aquinas kọ lọ, tí wọ́n sì wúlò tó wọn. Ìdí abájọ tí àwàdà yìí fi mú bẹ́ẹ̀ ni pé àwa mọ ohun tí ó ná an: òǹkọ̀wé tòótọ́ ni ó ń ṣírò ohun tí ó fi gbogbo ọ̀sán rẹ̀ kọ.

Ṣùgbọ́n ó padà lọ. Ẹ̀ẹ̀kan tàbí ẹ̀ẹ̀mejì ni Elia lọ kí àwọn tí wọ́n jọ ń lo kálàmù. Wọ́n gbà á tayọ̀tayọ̀, wọ́n dá àwọn ẹ̀fẹ̀ àtijọ́ sílẹ̀, ẹ̀fẹ̀ náà kò sì rinlẹ̀ mọ́. Tábìlì rẹ̀ ti di ti ẹlòmíràn, bákan náà ni ìkọ́ tí ó ń fi fìlà rẹ̀ kọ́. Ó mọ̀ pé bẹ́ẹ̀ ni ó yẹ kí ó rí, síbẹ̀ ó dùn ún. Àwa tí ó jẹ́ pé “ó dàbọ̀” ni à ń wí nígbà tí a bá ń lọ, tí ìpadàbọ̀ ti wà nínú ọ̀rọ̀ ìdágbére wa, yẹ kí a dúró díẹ̀ níhìn-ín. Kò sí ẹni tí ó ṣẹ̀ ẹ́. “Bá” ni ó lọ: kò sí láàrin wọn mọ́, kò sì lè bá wọn ṣe ẹ̀fẹ̀. Ó wá ń bi ara rẹ̀ léèrè bóyá iṣẹ́ náà tilẹ̀ nira tó bí òun ti rò, nígbà tí àwàdà àwọn ènìyàn wọ̀nyí ń mú un rọrùn. Nínú ohun tí a ti kà nípa ìfẹ̀yìntì, a kò tíì rí ibi tí ó jẹ́ òtítọ́ ju èyí lọ.

Àwàdà náà bo àwọn nǹkan kan mọ́lẹ̀. Èkíní ni Mary. Ní 1796, nígbà tí àìsàn ọpọlọ dé sí i, Mary pa ìyá wọn. Charles sì gbà láti máa tọ́jú rẹ̀ títí ayé, kò sì gbéyàwó. Nínú lẹ́tà tí ó kọ sí Wordsworth ní oṣù kẹrin 1825, ó ṣàlàyé pé owó ìfẹ̀yìntì òun jẹ́ 450 pọ́n-ùn lọ́dún, a sì ń yọ 9 kúrò nínú rẹ̀ kí Mary lè rí nǹkan jẹ bí òun bá kú ṣáájú. Pọ́n-ùn mẹ́sàn-án yìí kò sí nínú àròkọ Elia. A kò dá a lẹ́bi. Bí a bá ń sunkún a máa ń ríran, Lamb sì rí ohun tí kò yẹ kí ó gbé wá sí ọjà.

Èkejì kò rọrùn fún wa láti fojú fò. Ilé iṣẹ́ tí ó wọ aṣọ oníṣòwò fún nínú àròkọ náà ni ó ń fi ọmọ ogun ṣàkóso apá tí ó pọ̀ nínú ilẹ̀ Índíà ní 1825. Aró ilẹ̀ náà wà nínú àwọn ìwé ìṣirò tí ó fi wé ti Aquinas. Elia dágbére fún àwọn akọ̀wé, fún àwọn ọ̀gá, fún ògiri àti fún àbẹ́là. Àwọn tí ó gbin aró náà kò sí lára àwọn tí ó bá ṣe ẹ̀fẹ̀, wọn kò sì sí lára àwọn tí ó fi ṣe yẹ̀yẹ́.